Igi Ìdènà Tó Pa Esakki

Ní àárọ̀ ọjọ́ tí mo jókòó láti gbẹ́ igi ìdènà yẹn, mo mọ ohun tí mo ń ṣe. Ìsinsìnyí ni mo ń jẹ́ kí wọ́n bá mi kọ ọ́ sílẹ̀. Dókítà ní ẹ̀dọ̀fóró mi kò ní gbé mi dé ìgbà òjò, ẹ̀rù sì ń bà mí láti gbé ọ̀rọ̀ yìí wọ inú iná tí wọ́n máa fi sun òkú mi. Èmi Sudalaimuthu ni mo pa Esakki. Ẹ̀yin tí ẹ ń fa ọkọ̀ onígi tó ń gbé òrìṣà wa yí ìlú ká lọ́dọọdún, ẹnu mi ni kí ẹ ti gbọ́ ọ.

Ẹ mọ iṣẹ́ wa. Ọkọ̀ náà ga ju igi àgbọn lọ, ẹgbẹ̀rún ènìyàn ló ń fi okùn fà á, kò sì ní bíréèkì. Àwa tí a ń sáré lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀, àwọn àgbá ńlá tó fi ń yí lọ, ni bíréèkì. Tí a bá ti igi ìdènà sábẹ́ ẹsẹ̀ ọ̀tún, ẹsẹ̀ ọ̀tún á lọ́ra, ti òsì á máa yí lọ, orí ọkọ̀ á sì yà sọ́tùn-ún. Ẹnikẹ́ni kò kọ́ mi. Mo gbẹ́ ọkọ̀ kékeré kan, mo ń tì í kiri lórí yanrìn etí odò títí ó fi yé mi. Igi àjàgbọn ni mo máa ń lò, èyí tó ti wà nínú omi fún oṣù mẹ́ta. Bí ọkọ̀ bá gùn ún, á tẹ̀, kò ní là.

Ní ọdún yẹn, ilé ẹjọ́ ti gba tẹ́ḿpìlì lọ́wọ́ ìdílé Chokkalingam. Òun àti àbúrò rẹ̀ ń jà sí àbójútó rẹ̀, ni adájọ́ bá ti àwọn méjèèjì sẹ́yìn, ó fi Ìyá Thilagavathi, agbẹjọ́rò tó ti fẹ̀yìn tì, síbẹ̀ títí ìdájọ́ yóò fi wáyé. Obìnrin náà mọṣẹ́. Ó tún òrùlé ilé ìdáná ṣe, ó sì mọ orúkọ gbogbo wa. Bí ọdún òrìṣà bá lọ dáadáa lọ́wọ́ rẹ̀, Chokkalingam kò ní rí tẹ́ḿpìlì gbà mọ́.

Chokkalingam wá bá mi níbi iṣẹ́. "Muthu, bí ọkọ̀ bá há sí kọ̀rọ̀ ọjà ńkọ́?"

"A ó gbé e jáde ni, bàbá."

"Tí kò bá jáde títí ilẹ̀ fi ṣú?"

"Ìtìjú ńlá nìyẹn. Òrìṣà kì í sùn síta."

"Ìtìjú ta ni?"

Mo mọ̀ pé ti Ìyá Thilagavathi ni. Ó rẹ́rìn-ín. "Gbogbo ìwé tí o kò kà, ó wà ní ọwọ́ rẹ. Kò sí ẹlòmíràn tó lè ṣe é."

Kò fún mi ní nǹkan kan. Ìyìn yẹn ló fi rà mí. Mo gbẹ́ ihò sínú igi náà láti ìdí, mo po lẹ́búlẹ́bú igi mọ́ ìda oyin, mo fi dí i, mo rọ òjé díẹ̀ sí i kí ó lè wúwo bíi ti tẹ́lẹ̀, mo sì fi eérú pa ojú rẹ̀. Á fọ́ ní kọ̀rọ̀, ọkọ̀ á yọ̀ wọ gọ́tà, á jókòó síbẹ̀. Iṣẹ́ náà mọ́ débi pé inú mi dùn sí i. Irú ènìyàn wo nìyẹn?

Ọ̀sán ni a dé kọ̀rọ̀ ọjà. Ẹsẹ̀ ọ̀tún ni tèmi, òsì ni ti Esakki, ọ̀dọ́ tí mo ń pè ní àbúrò bí a kò tilẹ̀ bá ara wa tan. Ó rí mi tí mo ń lọ́ra, ó rò pé ó ti rẹ̀ mí, ó sáré gba iwájú wá.

"Ẹ̀gbọ́n, orúnkún yín ti ń ké bí ilẹ̀kùn àtijọ́. Ẹ gbé e wá, kí n bá yín ti èyí."

"Padà sí ẹsẹ̀ òsì."

"Ẹ fẹ́ kú síbí kí ìyàwó yín máa bú mi? Ẹ gbé e wá jàre."

Mo lè sọ̀rọ̀. Àyè wà fún gbólóhùn kan. Ohun tó wá sí mi lọ́kàn ni pé bí ó bá fọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ẹnikẹ́ni kò ní fura sí mi, àti pé ọ̀dọ́ ni, á fò. Mo gbé e fún un.

Igi náà fọ́, kò sì rí àyè fò. Ọkọ̀ fún un mọ́ ògiri ilé alágbẹ̀dẹ wúrà. Mo di ọwọ́ rẹ̀ mú. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, mo tì í dáadáa. Ẹ bá mi sọ fún wọn pé mo tì í dáadáa."

Mo kó àfọ́kù igi náà, mo sun ún. Nígbà tí adájọ́ bi mí, mo búra, mo ní Esakki ti igi náà ní ẹ̀gbẹ́, mo ní Ìyá Thilagavathi kò mọ ẹni tó yẹ kó fi sídìí ọkọ̀. Wọ́n yọ obìnrin náà. Wọ́n dá tẹ́ḿpìlì padà fún Chokkalingam. Wọ́n gba iṣẹ́ ẹsẹ̀ òsì, tí ìdílé Esakki ti dì mú láti ayé bàbá ńlá rẹ̀, wọ́n fún ẹlòmíràn. Ní ọdún kejì, Chokkalingam wé aṣọ òrìṣà mọ́ mi lórí gẹ́gẹ́ bí ẹ̀yẹ níwájú gbogbo ìlú kí a tó fa okùn. Petchi, opó Esakki, pa àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ pọ̀, ó kí mi, ó ní, "Ẹ ṣeun tí ẹ di ọwọ́ rẹ̀ mú." Ọdún mẹ́sàn-án ni mo ti ń wé aṣọ náà.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹni tó bá ní kí ẹ ṣe ohun tí yóò bàjẹ́, tó wá ń yìn yín sí i, ẹ sá fún un. Mo ti tẹ̀ka sí ìwé tó ń lọ bá adájọ́ ní òwúrọ̀ yìí, gbogbo rẹ̀ ló wà níbẹ̀, títí kan òjé. Petchi, ìyàwó àbúrò mi, bí o kò bá lè dárí jì mí, má fipá mú ara rẹ. Ṣùgbọ́n gbé ẹ̀dà ìwé náà lọ sí tẹ́ḿpìlì, kí o sì gba iṣẹ́ ẹsẹ̀ òsì padà fún ìdílé rẹ.