Orúkọ Mi Padà Sórí Orin Mi

Ẹ bá mi gbé ohùn sókè sí Ọba tí kì í gbàgbé orúkọ ènìyàn! Ẹ tún un ké, kò tíì dé ilé mi ní Darkuman, ní Accra níbí!

Orin tí ẹ ń gbọ́ nínú eré tẹlifíṣọ̀n alẹ́ Sọ́ńdè, nígbà tí obìnrin yẹn bá ń sunkún tí ẹnikẹ́ni kò sọ̀rọ̀, èmi ni mo ṣe é. Ẹ ò mọ̀. Ta ló ń rí ojú wa? Orúkọ tó ń sáré kọjá nígbà tí eré bá parí nìkan ni tiwa.

Orúkọ náà ni wọ́n jí.

Ẹsẹ̀ ń dùn mí, nítorí náà Kọ́lá, tí mo kọ́ ní dùùrù nínú pálọ̀ mi, ló ń bá mi gbé orin lọ sílé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n. Lálẹ́ Sọ́ńdè kan, mo wọ awò ojú mi, mo jókòó. Eré parí. Orúkọ Kọ́lá ló jáde!

“Màmá, àṣìṣe wọn ni. Mà á bá wọn sọ ọ́.”

Ọdún yípo, àṣìṣe wà níbẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ mi ru. Dókítà ní, “Maame, ṣé ẹ fẹ́ pa ara yín ni?” Mo sá tọ àwọn alàgbà wá. Ọ̀kan nínú wọn, ó jókòó síwájú níbí yìí, ó ní, “Mummy, ẹ má torí orin tú ìjọ ká.” Àbúrò mi ní, “Àǹtí, ẹ ti darúgbó. Kí lẹ fẹ́ forúkọ ṣe?”

Mo wọ taksí, mo lọ bá ọ̀gá ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n náà, obìnrin ẹ̀yà Ga kan. Ó pe Kọ́lá. Kọ́lá fìgboyà gbé orin tó ní òun gbà sílẹ̀ nílé ara òun jáde.

Olúwa o! Ẹ mọ̀ pé n kì í gba orin sílẹ̀ láìgbàdúrà. Ó ti gé àdúrà ìbẹ̀rẹ̀ kúrò. Orin parí, ó nawọ́ kó pa á.

Ọ̀gá ní, “Fi sílẹ̀.”

Ni ohùn mi bá jáde, mò ń ṣe oore-ọ̀fẹ́ ní Yorùbá títí dé Àmín, tikọ́tikọ́! Ọmọ ìjọ wa ni Kọ́lá, ó gbàgbé pé a kì í tú ká láìṣe oore-ọ̀fẹ́!

Ọ̀gá ní, “Ei, Kọ́lá! Ṣé ìwọ lò ń wúkọ́ bí ìyá arúgbó yìí?”

Haleluya! Sọ́ńdè tó kọjá, orúkọ mi jáde. Mo fi ẹsẹ̀ tó ń dùn mí yìí dìde dúró. Ẹ ṣeun, Bàbá! Kọ́lá ti wá dọ̀bálẹ̀. Mo ti dárí jì í, ṣùgbọ́n kò gbọdọ̀ fọwọ́ kan dùùrù mi mọ́.

Ìwọ tí wọ́n gba iṣẹ́ ọwọ́ rẹ, má gbà fún ẹni tó ní kó o dákẹ́. Gbàdúrà, kó o sì wọ taksí. Ẹ̀yin alàgbà tẹ́ ẹ pa mí lẹ́nu mọ́, ẹ jẹ mí ní Haleluya kan. Ẹ dìde. Mò ń dúró.