Láwàní Nínú Ṣọ́ọ̀ṣì

Nínú bọ́lẹ̀kájà tó ń gbé wa láti Òsì lọ sí Ìlọrin, lẹ́yìn òmìnira, mo gbọ́ ọ̀rọ̀ láàárín bàbá oníláwàní kan àti ọ̀dọ́mọkùnrin tó wá ya sinimá nípa ìgbàgbọ́ àwọn ará ìlú wa.

Ọ̀dọ́mọkùnrin ní, "Bàbá, ẹ bá iṣẹ́ mi jẹ́. Ìkórè ṣọ́ọ̀ṣì ni mo wá yà, láwàní yín ló gba iwájú pẹpẹ."

"Àbúrò mi ló ń dúpẹ́, àgbò mi ló sì fi dúpẹ́. Ṣé kí n rán àgbò lọ, kí èmi jókòó sílé?"

"Àwọn tó máa wò ó kò ní mọ̀ pé ṣọ́ọ̀ṣì ni."

"Sọ fún wọn."

"Mo máa gé apá ọ̀dọ̀ yín kúrò, kó ku àbúrò yín nìkan."

Bàbá ronú sí i. "Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti rọ. Èmi ni mo dì í mú. Bí o bá gé mi kúrò, yóò ṣubú."

Ó yẹ kí ẹnì kan ṣàlàyé fún Bàbá pé ẹni inú àwòrán kì í ṣubú. Ọwọ́ Bàbá ni ẹni tó ya àwòrán náà ń wò.