Èédú Tí Mo Pè Ní Èédú Àgbọn

Ẹ̀yin tí ẹ máa ka ọ̀rọ̀ yìí, mo kí yín. Ẹ ò mọ̀ mí, èmi náà ò sì mọ̀ yín. Bóyá ìdí nìyẹn tí mo fi lè sọ ọ́ fún yín. Ó ti pé ọdún mẹ́ta tí ọ̀rọ̀ yìí ti wà nínú mi. Mi ò jalè, mi ò pààyàn. Àmọ́ mo jẹ́ kí àwọn èèyàn gbé ẹ̀bi mi ru màmá àgbàlagbà kan, mo dúró síbẹ̀, mo ń wò.

Ǹ bá má sọ ọ́ títí láé. Ṣùgbọ́n ní ọ̀sẹ̀ méjì sẹ́yìn, màmá yìí kan náà ṣe oore kan fún mi, mi ò sì lè gbé oore náà. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ látìbẹ̀rẹ̀. Tí àlàyé mi bá ti pọ̀ jù, ẹ fara dà á. Bí mo ṣe máa ń ṣe nìyẹn tí ẹ̀rù bá ń bà mí.

Ẹ̀kọ́ kẹ́mísírì ni mo kà ní yunifásítì. Nígbà tí mo sìnrú ìlú tán, mi ò ríṣẹ́. Mo wá ń gbé lọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n màmá mi ní Awóyáyá. Wọn kì í bú mi, ṣùgbọ́n tí wọ́n bá ti pe orúkọ mi láàárọ̀, àyà mi á já, bíi pé wọ́n fẹ́ bi mí pé kí ni mo fẹ́ fi ọjọ́ òní ṣe.

Níwájú ilé wa, lẹ́bàá títì márosẹ̀, ni Ìyá Àdùkẹ́ ti ń ta orín. Ìjẹ̀bú ni wọ́n ti wá, ó sì ti lé ní ogójì ọdún tí wọ́n ti ń tà á. Orín ata, orín orógbó, igi dóńgóyárò, gbogbo rẹ̀ ni wọ́n máa ń dì sílẹ̀ lábẹ́ agboòrùn wọn. Nítorí pé mi ò níṣẹ́, mo máa ń lọ jókòó tì wọ́n.

Lọ́jọ́ kan wọ́n rí mi tí mo ń fọ eyín níta pẹ̀lú ọṣẹ ìfọyín. Ìfófòó náà kún ẹnu mi. Wọ́n ní, "Ẹ̀yin ọmọ ìwé, ìgbà wo ni eyín di abọ́ tí ẹ̀ ń fi ọṣẹ fọ̀?" Mo rẹ́rìn-ín débi pé mo gbé díẹ̀ mì.

Àwọn ni wọ́n kọ́ mi ní ìyẹ̀fun ìfọyín. Èèpo orín ata tó gbẹ, kànáfùrú, iyọ̀ díẹ̀, àti èédú èèpo àgbọn. A ó gún un, a ó fi aṣọ sẹ́ ẹ títí yóò fi kúnná bí àtíkè. Wọ́n tún kọ́ mi ní òfin kan. Wọn kì í tú ìdì orín tuntun tà láìjẹ́ pé wọ́n ti run ọ̀kan nínú rẹ̀. Wọ́n ní, "Ohun tí o máa fi sẹ́nu ẹlòmíì, ẹnu tìẹ ni kó kọ́kọ́ wọ̀." Mo di òfin náà mú. Gbogbo ìgbà tí mo bá ti gún tuntun, èmi ni mo máa ń kọ́kọ́ fi í fọ eyín.

Bàbá Sùlé ló ń bá mi wá èèpo àgbọn. Ọmọ onílẹ̀ ni wọ́n, apẹja ni wọ́n nínú ọ̀sà. Wọn kì í gba nǹkan kan lọ́wọ́ mi ju ike ìyẹ̀fun kan lọ. Wọ́n á run orín Ìyá Àdùkẹ́ láàárọ̀, wọ́n á fi ìyẹ̀fun mi fọ eyín nírọ̀lẹ́. Wọ́n ní eyín àwọn ti ń tàn débi pé ẹja ń sá.

Nígbà tó yá, obìnrin kan tí à ń pè ní Àǹtí Bọ́lá, tó fẹ́ ṣí ilé ìtọ́jú ara ní Lẹ́kkí Phase 1, ní kí n ṣe ọgbọ̀n ike fún àwọn àlejò tó máa wá lọ́jọ́ tó bá ṣí i. Kò sẹ́ni tó tíì bẹ̀ mí ní iṣẹ́ tó pọ̀ tó bẹ́ẹ̀. Inú mi dùn, ẹ̀rù sì bà mí. Mo tẹ ìwé tí mo máa lẹ̀ mọ́ ara ike náà. Mo kọ ọ́ gàdàgbà síbẹ̀ pé: èédú àgbọn pọ́ńbélé.

Òjò wá bẹ̀rẹ̀. Ó rọ̀ fún ọ̀sẹ̀ kan gbáko. Gbogbo èèpo àgbọn mi rin gbingbin. Mo dáná sí i, èéfín lásán ló ń rú. Àǹtí Bọ́lá ń pè mí láràárọ̀ àti nírọ̀lẹ́.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fara balẹ̀ gbọ́ ibi yìí, torí ibẹ̀ ni ẹ̀ṣẹ̀ náà wà.

Àwọn kan ń tún ilé ṣe lẹ́gbẹ̀ẹ́ tiwa. Wọ́n ti tú òrùlé àtijọ́ palẹ̀, wọ́n sì ń fi àwọn pákó rẹ̀ dáná. Èédú tó ṣẹ́ kù wà lábẹ́ páànù níbi tí òjò kò dé. Mo lọ tọrọ rẹ̀ lọ́wọ́ ọ̀gá káfíńtà wọn, ọkùnrin ará Ọ̀ṣun kan.

Wọ́n bi mí pé, "Àbúrò, kí lo fẹ́ fi ṣe? Má fi yan ẹja o. Oògùn ikán ti mu àwọn igi yẹn yó."

Mo rẹ́rìn-ín. Mo ní mo fẹ́ dà á sí ìdí òdòdó ni.

Mo fọ èédú náà lẹ́ẹ̀mẹta. Mo sọ fún ara mi pé iná ti jó oògùn inú rẹ̀ tán, pé omi á ṣan èyí tó bá kù. Mi ò gba ara mi gbọ́. Ẹni tó kà kẹ́mísírì ni mí. Ẹ ò lè sọ pé mi ò mọ̀, èmi náà ò lè sọ ọ́. Mo gún un, mo sẹ́ ẹ, mo rọ ọ́ sínú ọgbọ̀n ike, ó sì ṣẹ́ kù díẹ̀. Mo rọ èyí tó ṣẹ́ kù sínú ike Bàbá Sùlé, torí wọ́n ti bèèrè fún tiwọn, mo sì lẹ ìwé kan mọ́ òun náà.

Lọ́jọ́ yẹn, mi ò fi fọ eyín. Mo ní mo ti fọ eyín láàárọ̀.

Lọ́jọ́ kẹta lẹ́yìn tí mo gbé e fún wọn, ẹnu Bàbá Sùlé wú. Èrìgì wọn bó, egbò sì bo ahọ́n wọn. Ẹ̀kọ tútù gan-an kò gba ọ̀nà ọ̀fun wọn kọjá. Wọ́n gbé wọn lọ sílé ìwòsàn. Àwọn tó tọ́jú wọn ní ohun kan tí wọ́n fi sẹ́nu ló ṣe é, kí wọ́n lọ wádìí rẹ̀.

Ìyàwó wọn kò wá sọ́dọ̀ mi. Ọ̀dọ̀ Ìyá Àdùkẹ́ ló lọ, ó di orín sínú bébà dání, mo sì jókòó níbẹ̀.

"Ìyá Àdùkẹ́, ẹ wá wo ohun tí ẹ tà fún ọkọ mi."

Ìyá ní, "Mo run ọ̀kan nínú ìdì yẹn kí n tó tú u, ìyàwó wa."

Ọkùnrin kan tó ń ra orín ní, "Ẹnu yín ti kú, Ìyá. Tí wọ́n bá rọ ata sí i, ẹ máa ní ṣúgà ni." Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín.

Obìnrin kan bèèrè pé ṣé Bàbá kò fi nǹkan mìíràn sẹ́nu ni, ìyẹ̀fun tèmi ńkọ́. Ìyàwó Bàbá Sùlé ló gbèjà mi. Ó ní, "Ti ọmọ yìí? Ọmọ tó lọ yunifásítì? Ó kọ gbogbo ohun tó wà nínú rẹ̀ sára ike, ẹ lọ kà á. Ti Ìyá wá dà? Ibo ni wọ́n kọ tiwọn sí?"

Ìyá Àdùkẹ́ nawọ́ sí i. Wọ́n gba orín náà, wọ́n gbé e sójú, wọ́n yí i padà. Lẹ́yìn náà ni wọ́n nà án sí mi.

"Ìwọ lo kàwé nínú wa. Wò ó fún mi. Ṣé mo ti ṣi igi mú ni?"

Mo gbóòórùn rẹ̀. Orín ata ni. Kò sí àbùkù kankan lára rẹ̀. Gbogbo èèyàn ń wo ẹnu mi. Mo ní, "Ìyá, mi ò lè sọ. Igi máa ń jọra wọn."

Ohun tí mo sọ kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Mo ti rò ó títí bóyá irọ́ ni mo pa, àbí mo kàn yẹra fún òótọ́ ni. Mo ti wá mọ̀ pé kò sí ìyàtọ̀ fún ẹni tí wọ́n ń fi rẹ́rìn-ín.

Lọ́jọ́ kejì mo lọ sí Lẹ́kkí Phase 1. Mo sọ fún Àǹtí Bọ́lá pé ìdérí àwọn ike náà kò dáa, mo kó ọgbọ̀n pé pérépéré padà. Kò sẹ́ni tó tíì ṣí ọ̀kankan. Òjò ti dá, mo ṣe òmíràn tó jẹ́ ti àgbọn lóòótọ́. Ẹ wò ó: mo rántí ẹnu àwọn àlejò tí mi ò mọ̀ rí.

Ara Bàbá Sùlé yá lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó tún ra orín lọ́wọ́ Ìyá Àdùkẹ́ mọ́. Ìyá fúnra wọn wá gbà pé ojú àwọn ti ń tan àwọn jẹ. Ọmọ wọn, Àǹtí Àdùkẹ́, wá mú wọn lọ sí ilé rẹ̀ ní Thomas Estate. Mo sọ fún ara mi pé wọ́n ti dàgbà, ó yẹ kí wọ́n sinmi. Mo máa ń lọ kí wọn lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan. Gbogbo ìgbà tí mo bá lọ ni mo máa ń ní màá sọ ọ́.

Ní báyìí, ilé ìtajà kan ní Lẹ́kkí Phase 1 fẹ́ máa ta ìyẹ̀fun mi. Wọ́n ní kí n fi àwòrán àgbàlagbà tó kọ́ mi sára ike, pé ó máa fa àwọn oníbàárà mọ́ra. Ní ọ̀sẹ̀ méjì sẹ́yìn, mo lọ sí Thomas Estate láti ya Ìyá ní fọ́tò. Mo rò pé inú wọn á dùn. Bóyá mo rò pé ìyẹn á tó gẹ́gẹ́ bí àtúnṣe, tí mi ò fi ní sọ nǹkan kan mọ́.

Wọ́n gbọ́ mi tán, wọ́n mi orí.

"Má fi ojú mi síbẹ̀, ọmọ mi. Ẹni tó bá mọ̀ mí ní Awóyáyá máa ní ìyá tó ba ẹnu Bàbá Sùlé jẹ́ nìyí. Wọn ò ní ra ọjà rẹ. Orúkọ tèmi ti bàjẹ́ ná, má jẹ́ kó ran tìẹ."

Mo ti fóònù tí mo fẹ́ fi yà wọ́n bọ àpò. Wọ́n rò pé àánú wọn ló ń ṣe mí, ni wọ́n bá ń pẹ̀tù sí mi nínú. Wọ́n fa orín kan yọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga wọn, wọ́n nà án sí mi. Àǹtí Àdùkẹ́ ṣàlàyé pé láti ìgbà yẹn, ìyá òun kì í fi orín sẹ́nu mọ́ láìjẹ́ pé ẹlòmíì ti tọ́ ọ wò. Mo gé e jẹ lẹ́nu, mo run ún. Ó ta mí lẹ́nu bó ṣe yẹ kó ta. Mo ní, "Ó dáa, Ìyá." Ìgbà yẹn ni wọ́n tó fi sẹ́nu.

Ẹ jọ̀ọ́, kí ni kí n ṣe? Tí mo bá sọ ọ́ fún Ìyá nìkan nínú yàrá, ta ló máa sọ fún àwọn tó rẹ́rìn-ín lẹ́bàá títì? Tí mo bá sì sọ ọ́ ní gbangba, ọjà mi parí nìyẹn, bóyá Bàbá Sùlé kò sì ní wo ojú mi mọ́. Mi ò sọ ọ́ kí ẹ lè ṣàánú mi. Ohun tí mo fẹ́ mọ̀ ni ibi tí mo ti máa bẹ̀rẹ̀, torí tó bá jẹ́ pé èmi nìkan ni mo máa pinnu, mo mọ ara mi, màá tún sá.

Mo ti ṣèlérí pé màá padà lọ kí wọn lọ́jọ́ Àìkú tó ń bọ̀. Wọ́n á tún na orín sí mi kí n tọ́ ọ wò.