Omi Ìwẹ̀ Tí Mo Pè Ní Omi Ìrẹsì

Ọ̀rọ̀ kan wà lọ́kàn mi tí mi ò lè dá gbé mọ́. Ìyàwó mi, Sìdíkátù, ló yẹ kí n jẹ́wọ́ rẹ̀ fún, ṣùgbọ́n ó ti di olóògbé lọ́dún tó kọjá. Ẹ̀yin tí ẹ ò mọ̀ mí ni mo wá ń sọ ọ́ fún. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi sùúrù kà á dé ìparí kẹ́ ẹ tó dá mi lẹ́jọ́.

Peckham ní London ni mò ń gbé. Iṣẹ́ tí mo ṣe jẹun ṣàjèjì díẹ̀ láàárín àwa Yorùbá. Mo máa ń kọ ìtàn fún àwọn tó ń ṣe fíìmù abanilẹ́rù ní ilẹ̀ Jàpáàn, èyí tí òkú àti iwin máa ń rìn nínú rẹ̀. Ibẹ̀ ni mo ti kàwé, mo gbọ́ èdè wọn, mo sì bá oníṣẹ́ fíìmù kan ṣọ̀rẹ́. Nígbà tí mo kó wá sí London, mò ń kọ ìtàn ránṣẹ́ sí i. Fíìmù olówó pọ́ọ́kú ni wọ́n. Kò sẹ́ni tó mọ̀ mí níbẹ̀, àfìgbà tí ìran kan nínú ọ̀kan lára wọn gbajúmọ̀. Nítorí ìran yẹn ni mo ṣe ń kọ̀wé yìí.

Ọmọ wa àkọ́kọ́ kú kó tó lè jókòó. Ọkùnrin ni. Àwọn àgbà mọ́ṣáláṣí wá gbé e lọ sin lọ́jọ́ náà gan-an. Bí àṣà ilé wa, wọn ò jẹ́ kí èmi àti ìyá rẹ̀ mọ ojú oórì. Wọ́n ní omi ló dànù, agbè ò fọ́. Wọ́n ní ká gbàgbé.

Sìdíkátù ò gbàgbé. Láràárọ̀ ló ń gbé omi kaná, tó ń dà á sínú ike ìwẹ̀ ọmọ náà, tó ń fi ìgbọ̀nwọ́ tọ́ ọ wò bóyá ó ti lọ́ wọ́ọ́rọ́. Á jókòó tì í títí omi á fi tutù, á sì dà á nù. Mo bá a nídìí ẹ̀ lọ́jọ́ kan. Kò sunkún. Ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ọkọ mi, ẹ má sọ fún ẹnikẹ́ni. Wọ́n á ní orí mi ti dà rú." Mo fi Ọlọ́run búra fún un.

Ẹ jọ̀ọ́, mo mọ ohun tí ìbúra jẹ́. Ṣùgbọ́n nígbà tó yá, ọ̀rẹ́ mi ní Jàpáàn fi ìkánjú bá mi sọ̀rọ̀, ó ní iwin tí mo kọ kò ba ẹnikẹ́ni lẹ́rù. Mo jókòó, ọwọ́ mi sì kọ ohun tí ojú mi ti rí. Mo sọ ike di ọpọ́n igi. Obìnrin kan ń gbé omi kaná fún ọmọ tó ti kú, ó ń fi ìgbọ̀nwọ́ tọ́ ọ wò. Ní àárọ̀ ọjọ́ kan, omi náà mì fúnra rẹ̀. Mímì yẹn nìkan ni tèmi níbẹ̀. Ìyókù, ti Sìdíkátù ni.

Wọ́n yìn mí. Wọ́n bi mí bí mo ṣe rí i rò, mo ní àlá ni. Láti ìgbà náà, iṣẹ́ ò wọ́n mi mọ́.

Nígbà tí fídíò rẹ̀ dé ilé, a ti bí Múínà, ọmọbìnrin wa. Sìdíkátù ní ká jọ wò ó. Kò sí Gẹ̀ẹ́sì kankan lára rẹ̀, èmi ni ògbufọ̀. A dé ibi omi yẹn.

"Dádì Múínà, kí lobìnrin yìí ń sè?"

Mo ní, "Omi ìrẹsì ni. Ọkọ ẹ̀ ń bọ̀ láti ìrìnàjò."

Ó rẹ́rìn-ín. "Ìrẹsì wo ni wọ́n ń fi ìgbọ̀nwọ́ tọ́ wò? Ẹ bá mi kí àwọn ará Jàpáàn yín o."

Èmi náà rẹ́rìn-ín. Mo rò pé mo ti bọ́. Láti ọjọ́ náà, tí mo bá yin ìrẹsì rẹ̀, á ní, "Mo fi ìgbọ̀nwọ́ tọ́ ọ wò ni." Ẹ̀fẹ̀ ni mo pè é ní gbogbo ọdún yẹn.

Ní oṣù yìí, Múínà àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní New Cross ṣètò láti fi fíìmù náà han àwọn èèyàn, wọ́n sì ní kí n wá sọ̀rọ̀. Ó wá bá mi ní kíṣìnnì.

"Daddy, water scene yẹn ni everybody fẹ́ gbọ́ nípa ẹ̀ o. Àbí ẹ tún fẹ́ sọ pé àlá ni?"

"Àlá ni."

"Mummy ní irọ́ ni. I asked her nígbà tí wọ́n ṣì wà. Wọ́n ní, 'Fi bàbá ẹ sílẹ̀. Tó bá ti ṣe tán, á sọ.'"



Sìdíkátù ti mọ̀ láti ọjọ́ tó rẹ́rìn-ín yẹn. Ó dúró dè mí títí ó fi lọ. Èmi ni mi ò ṣe tán.

Múínà ò mọ̀ pé òun ní ẹ̀gbọ́n ọkùnrin rí. Tí mo bá sọ òótọ́, mo tún da ìbúra tí mo ṣe fún ìyá rẹ̀ lẹ́ẹ̀kejì. Tí mo bá ní àlá ni, mo tún fi irọ́ bo omi rẹ̀ mọ́lẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ gbọ́n jù mí lọ, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ohun tí Sìdíkátù sọ fún Múínà ti tú mi sílẹ̀ nínú ìbúra ni, àbí èmi ni mò ń wá ọ̀nà àbáyọ?

Ọjọ́ Sátidé ni wọ́n máa fi í hàn. Múínà ní ẹ̀gbẹ́ òun ni n máa jókòó sí. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni kí n sọ fún un nígbà tí omi yẹn bá mì?