Lẹ́tà Tí N Kò Kà Dé Ìsàlẹ̀

Adájọ́ ti ní kí wọ́n so mí rọ̀ títí ẹ̀mí yóò fi bọ́ lára mi. N kò mọ ọjọ́ tí yóò jẹ́. Bí wọ́n bá ti ń ṣí ilẹ̀kùn irin láàárọ̀, àyà mi a máa já, títí n ó fi rí i pé ẹ̀wà ni wọ́n gbé wá. Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ìwé yìí, ẹ má rò pé wọ́n purọ́ mọ́ mi. Èmi ni mo pa Àlàájì, ọ̀gá mi, ẹni tí kò ṣẹ̀ mí.

Ọmọ Iléṣà ni mí. Akọ̀wé ìjọba ni mí ní Òṣogbo, ìkáwọ́ mi sì ni fáìlì àwọn òṣìṣẹ́ wà. Tíṣà kan tó ti fẹ̀yìn tì wá béèrè fáìlì rẹ̀ lọ́jọ́ kan, mo bá a wá a jáde, ó sì fún mi lówó ẹlẹ́rìndòdò. Owó náà dùn mọ́ mi. Nígbà tó yá, ẹni tí kò bá fún mi ní nǹkan, fáìlì rẹ̀ kì í ṣeé rí. Mo fi ti opó kan pamọ́ sẹ́yìn kọ́bọ́ọ̀dù fún oṣù mẹ́ta, mo sì ń rẹ́rìn-ín sí i nígbàkigbà tó bá wá. Ibẹ̀ ni ọwọ́ ti tẹ̀ mí.

Àlàájì, ọmọ Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun, fi lẹ́tà lé mi lọ́wọ́ fúnra rẹ̀.

"Wọ́n ní kí o lọ rọ́ọ́kún nílé títí ìwádìí yóò fi parí," ni ó wí. "Kà á dáadáa o."

Mo ka ìlà àkọ́kọ́, ojú mi ṣú, mo sì ki ìwé náà bọ àpò. Èmi tí mo ń ka lẹ́tà ọlọ́lẹ́tà láti àárọ̀ dalẹ́, n kò ka tèmi tán. Ìtìjú ni. Mo kó ìyàwó àti ọmọ méjì, a padà sílé ìyá mi ní Iléṣà.

"Ọmọ mi, ṣé uṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ ni o fi jókòó sí ulé?" ni ìyá mi béèrè.

"Ìsinmi ni wọ́n fún mi, Màámi."

Oṣù mẹ́ta kọjá, owó kankan kò wọlé. Wọ́n lé Fẹ́mi, àkọ́bí mi, nílé ìwé. Ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni mo pàdé ẹnì kan ní gáréèjì, tí a jọ ń ṣiṣẹ́ lọ́fíìsì tẹ́lẹ̀.

"Ẹni tí wọn kò tíì dá lẹ́bi, ìdajì owó oṣù rẹ̀ ṣì jẹ́ ẹ̀tọ́ rẹ̀," ó ní. "Àbí o ò gbà á ni?"

Kíá ni ọkàn mi sọ fún mi pé Àlàájì ló ń jẹ ẹ́. Kò sẹ́ni tó sọ bẹ́ẹ̀ fún mi. Ohun tí èmi ìbá ṣe ká ní mo wà nípò rẹ̀ ni mo fi dá a lẹ́jọ́.

"Bàbá Fẹ́mi, ẹ lọ béèrè lọ́fíìsì ní pẹ̀lẹ́," ìyàwó mi bẹ̀ mí.

N kò fẹ́ kí wọ́n rí mi lọ́fíìsì, ilé Àlàájì ní Òṣogbo ni mo gbà lọ. Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ kírun aásárì tán, ó ṣì wà lórí ẹní.

"Jókòó. Àwọn ọmọ ńkọ́?"

"Àlàájì, ìdajì owó oṣù mi ni mo wá gbà."

Ó wò mí tàánútàánú. "Ṣebí ìwọ ni o kò wá? Lẹ́tà yẹn ní kí o máa wá fọwọ́ síwèé lọ́fíìsì láràárọ̀, kí wọ́n lè máa san án. Mo pè ọ́ títí, o ò gbé fóònù."

Òótọ́ ni. Mo ti jáwọ́ nínú gbígbé ìpè ará Òṣogbo. Ṣùgbọ́n lójú mi, ẹ̀sín ló ń fi mí ṣe.

"Ẹ jẹ owó mi, ẹ tún ń dá mi lẹ́bi!"

"Wàláí, n kò jẹ owó rẹ. Dúró ná, mo fẹ́ fi nǹkan kan..."

Ó bẹ̀rẹ̀ sídìí báàgì rẹ̀, ó kẹ̀yìn sí mi. Ọmọ odó kan wà lára ògiri. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni mo là á mọ́ ọn lórí.

Ní àgọ́ ọlọ́pàá ni wọ́n ti fi ìwé tí wọ́n bá lọ́wọ́ òkú Àlàájì hàn mí. Ẹ̀dà lẹ́tà tó kọ sí àwọn ọ̀gá àgbà ni. Ó ń bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n san ìdajì owó náà fún mi bí n kò tilẹ̀ wá fọwọ́ síwèé, nítorí àwọn ọmọ mi. Mo sunkún títí ohùn mi fi há.

Lóṣù tó kọjá, ìyàwó mi wá kí mi. Ó ní wọ́n ti san owó náà nítorí lẹ́tà Àlàájì, òun sì ti fi dá Fẹ́mi padà sílé ìwé. Kò wo ojú mi bó ti ń sọ ọ́.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ wo ibi tí owó ẹlẹ́rìndòdò gbé mi dé. Ẹ má gba irú rẹ̀. Bí ẹ bá sì ti ṣẹ̀, tí wọ́n ní kí ẹ lọ rọ́ọ́kún nílé, ẹ lọ máa fọwọ́ síwèé lójú gbogbo ayé, kí ojú tì yín kó tán. Ìtìjú kò ní pa yín. Ẹ béèrè ẹ̀tọ́ yín lọ́wọ́ ẹni tó yẹ, kí ẹ sì jẹ́ kó sọ tẹnu rẹ̀ tán. Mo bẹ̀ yín. Àlàájì ṣì ń bá mi sọ̀rọ̀ lọ́wọ́ nígbà tí mo gbé ọmọ odó.