Òdòdó Agogo Tí Mo Gbìn Sẹ́yìn Ìtì Igi

Gbé ife òdòdó yẹn kúrò lórí tábìlì mi, ọmọ mi. Má bínú pé mo pariwo mọ́ ọ. Rọra gbé e, má jẹ́ kí omi inú rẹ̀ ta sí ọ lẹ́nu. Lọ dà á nù, fi ọṣẹ fọ ọwọ́ rẹ dáadáa, kí o wá jókòó síbi tí mo ti lè rí ojú rẹ. Nọ́ọ̀sì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì lọ. Ẹ̀yin lẹ sọ fún wa lánàá pé ọkàn mi ti rẹ̀, pé kò lè pẹ́ mọ́. Mo fẹ́ kí ẹnì kan tí kì í ṣe ará ilé yìí gbọ́ ohun tí mo fẹ́ sọ, kí ẹnikẹ́ni má baà sọ lọ́la pé àìsàn ló ń mú mi ṣe ìrànrán. Òótọ́ kan wà tí mo ti jókòó lé lórí fún ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n. Lónìí mo fẹ́ dìde kúrò lórí rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé mi ò lè dìde kúrò lórí bẹ́ẹ̀dì yìí àfi tí ẹni méjì bá gbé mi.

O ní abẹ́ àwọn igi ẹ̀yìnkùlé lo ti já òdòdó náà. O ní ó kún ibẹ̀, ó funfun báláú, ó ń ta sánsán. O tún ní tó bá di ọ̀la, wàá já ewé aáyù níbẹ̀ kí o fi se ọbẹ̀ fún mi, bóyá ẹnu mi á yé korò. Ìyẹn gan-an ló jẹ́ kí n pariwo. Mo ti gbọ́ gbólóhùn yẹn rí, nínú ilé yìí náà ni.

Ìyá rẹ ló gbin ewé aáyù yẹn. Ẹ̀kúnwọ́ kan péré ló gbé wá láti ilé wọn nígbà tí bọ̀dá mi, bàbá rẹ, fẹ́ ẹ. Ewé náà kì í fẹ́ oòrùn. Abẹ́ igi, níbi tí ewé gbígbẹ ti jẹrà di ilẹ̀ dúdú, ibẹ̀ ló ń gbé. Tí o bá fi sùúrù tọ́jú rẹ̀ fún ọdún bíi mẹ́ta, á tẹ́ bí ẹní, á sì máa padà wá fúnra rẹ̀ lọ́dọọdún tí òtútù bá ti lọ tán. Òórùn aáyù ló ń rùn, ó sì dùn lọ́bẹ̀. Àwọn tó ń dáná nílé ìwòsàn máa ń wá gbé e lọ́dọ̀ ìyá rẹ ní ìdì ìdì. Ṣùgbọ́n ọ̀nà tó ń gbà já a ni a fi ń ṣe é ní yẹ̀yẹ́. Á gbé abọ́ omi àti ọṣẹ dání wọ abẹ́ igi. Tó bá ti já ẹ̀kúnwọ́ kan, á fọ ọwọ́, á nù ún gbẹ, á fún ewé kan láàárín ìka, á gbé e sí imú. Tó bá rùn bí aáyù, ó di inú agbọ̀n. Tí kò bá rùn, ó di ẹ̀yìn ọgbà. Ìdí tó fi ń fọ ọwọ́ ni pé òórùn náà kì í kúrò lára. Tó bá ti mú ọ lọ́wọ́, gbogbo ohun tí o bá gbé sí imú ni yóò máa rùn bí aáyù, kódà kó jẹ́ pákó. Èmi ni mo sọ ìyá rẹ ní Dókítà Ewé. Òun náà ń pè mí ní Eyínafẹ́, nítorí kò ní pe àbúrò ọkọ rẹ̀ lórúkọ, eyín mi sì dára nígbà náà. Ẹ wo méjì tó ṣẹ́kù lónìí, wọn ò tilẹ̀ bára wọn sọ̀rọ̀ mọ́.

O mọ̀ pé aṣọ ìgbéyàwó ni mò ń rán. Ìyàwó ojú ọ̀nà kan ló fún mi ní gbòǹgbò márùn-ún ti òdòdó agogo, èyí tí o já yẹn gan-an, tó dì sínú bébà tútù. Ó ní tó bá ti ń yọ, gbogbo ẹni tó bá wá rán aṣọ lọ́dọ̀ mi á máa rí òdòdó mú dání lọ́jọ́ ìgbéyàwó. Inú mi dùn. Abẹ́ igi ni òun náà ń fẹ́, kò fẹ́ oòrùn. Mo lọ bá ìyá rẹ pé kó fún mi láyè níbi ewé rẹ̀. Ó wo gbòǹgbò náà, ó fi ọwọ́ gbá àyà.

Ó ní, "Eyínafẹ́ mi, ẹ dákun, inú ìkòkò ni kẹ́ ẹ gbìn ín sí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé yín. Kò gbọdọ̀ wọ abẹ́ igi yìí. Tí kò bá tíì yọ òdòdó, ewé rẹ̀ àti ewé mi jọra bí ìbejì. Oúnjẹ ni tèmi, májèlé ni tiyín. Ó sì máa ń rìn lábẹ́ ilẹ̀, ẹ ò ní mọ ibi tó dé."

Mo ní, "Májèlé kẹ̀? Ohun tí wọ́n ń gbé lọ síwájú pẹpẹ?"

Ó ní, "Ẹ má bínú sí mi. Mo bẹ̀ yín ni."

Ó bẹ̀ mí lóòótọ́, ó tún kúnlẹ̀. Ṣùgbọ́n inú bí mi. Èmi ọmọ ilé, lórí ilẹ̀ bàbá mi, kí ẹni tó wọlé lánàá máa sọ ibi tí mo lè gbin nǹkan sí fún mi. Ìgbéraga lásán ni, mi ò rí orúkọ mìíràn tí mo lè fún un. Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, nígbà tó gbé ewé lọ fún oníbàárà kan, mo gbẹ́ ilẹ̀ sẹ́yìn ìtì igi ńlá tó wó sí òpin ewé rẹ̀. Mo ri gbòǹgbò márààrún mọ́lẹ̀, mo sì sọ fún ìyá rẹ pé mo ti kó wọn dànù. Mo ní ìtì igi yẹn á dá a dúró.

Kò dá a dúró. Lọ́dún kejì ó yọ òdòdó, mo ń já a díẹ̀díẹ̀ fún àwọn oníbàárà mi, mo ní ọjà ni mo ti rà á. Lọ́dún kẹta mo rí ewé méjì tó hù lórí ọ̀pá kan ṣoṣo, ní apá ti ìyá rẹ. Ewé aáyù kì í ṣe bẹ́ẹ̀, ewé kọ̀ọ̀kan ló ń dá dúró lórí ọ̀pá tirẹ̀. Mo já a, mo sọ ọ́ nù. Mo ní màá sọ fún un lọ́la. Ọ̀la dé, mo ní tí mo bá sọ ọ́, á mọ̀ pé mo tàn án, bọ̀dá á sì bá mi wí. Ọ̀la yẹn ò dé títí Màmá fi kú.

Màmá, ìyá bàbá rẹ, ló ní ẹnu òun korò láàárọ̀ ọjọ́ kan, pé ọbẹ̀ ewé aáyù ni òun fẹ́. Bọ̀dá ti lọ síbi iṣẹ́ káfíńtà rẹ̀. Ìyá rẹ ń gbọ́ oúnjẹ rẹ lọ́wọ́, ọmọ ọdún mẹ́rin ni ọ́. Ó gbé agbọ̀n, ó pè mí sábẹ́ igi, ó ní, "Eyínafẹ́, ẹ wá ràn mí lọ́wọ́ kí n lè tètè gbé e kaná. Ẹ bá mi já ti apá ibẹ̀ yẹn. Omi rèé o." Apá ibẹ̀ yẹn ni ẹ̀gbẹ́ ìtì igi. Oníbàárà kan ń bọ̀ wá wọ aṣọ wò ní agogo mẹ́wàá, mo sì ń kánjú. Mo mọ ohun tó wà níbẹ̀. Mo ní ojú mi tó o, mo lè yà wọ́n sọ́tọ̀. Mo ń fi ọwọ́ méjèèjì já a, mo ń gbé e sí imú, gbogbo rẹ̀ ń rùn bí aáyù. Ọwọ́ mi ló ń rùn. Mi ò fọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀kan péré.

Ìyá rẹ bi mí bí mo ṣe ń da tèmi sínú agbọ̀n rẹ̀ pé, "Ẹ fọ ọwọ́?"

Mo ní, "Mo fọ̀ ọ́, Dókítà Ewé. Ṣé kí n fọ ẹsẹ̀ náà ni?" Ó bú sẹ́rìn-ín. Bó ṣe gbà mí gbọ́ nìyẹn.

Màmá jẹ abọ́ méjì. Ìyá rẹ fi ẹ̀kún síbí kan sí ọ lẹ́nu, o tu ú dànù, o ní o ò fẹ́ ewé. Ọlọ́run ló fi ọ̀rọ̀ yẹn sí ọ lẹ́nu. Òun fúnra rẹ̀ ò tíì jẹun nígbà tí Màmá bẹ̀rẹ̀ sí í bì. Nígbà tó di ọ̀sán, Màmá ní gbogbo nǹkan ń pọ́n rẹ́súrẹ́sú lójú òun. Wọ́n gbé e lọ sílé ìwòsàn, bọ̀dá sáré bá wọn níbẹ̀. Dókítà ní ọkàn rẹ̀ ń lù ségesège, ó ní, "Kí ló jẹ? Ẹ lọ gbé èyí tó kù wá kíákíá." Èmi ni wọ́n rán.

Ibí ni ẹnu mi ti wúwo. Ẹ fún mi lómi díẹ̀.

Mo dé ilé ìdáná, mo rí àwọn ewé tútù tó ṣẹ́kù nínú agbọ̀n. Ewé méjì wà lórí ọ̀pá kan. Ó yẹ kí n gbé agbọ̀n náà, kí n sáré padà, kí n sọ fún dókítà pé òdòdó agogo ni. Ọ̀rọ̀ kan ni. Dípò ìyẹn, ṣọ́bìrì ni mo gbé. Mo lọ sábẹ́ igi, mo wú gbogbo òdòdó agogo tí mo rí, ní ẹ̀yìn ìtì igi àti nínú ewé ìyá rẹ, mo dáná sun wọ́n àti àwọn tó wà nínú agbọ̀n, mo kó ewé gbígbẹ bo ojú ilẹ̀. Wákàtí kan gbáko. Lẹ́yìn náà ni mo fọ ọwọ́. Ẹ gbọ́ mi? Ọjọ́ yẹn ni mo wá fọ ọwọ́ mi. Nígbà tí mo gbé ìkòkò ọbẹ̀ dé, dókítà gbà á, ó mi orí. Màmá kú kí ilẹ̀ tó mọ́. Dókítà sọ fún bọ̀dá lójú mi pé, "Ká ní a tètè mọ ohun tó jẹ ni." Mo dúró síbẹ̀, mo ń sunkún bí ọmọ tó fẹ́ràn ìyá rẹ̀. Mo sì fẹ́ràn rẹ̀ lóòótọ́, ìyẹn ni kò yé mi títí dòní.

Lẹ́yìn ìsìnkú, àyẹ̀wò jáde pé òdòdó agogo ló wà nínú ọbẹ̀. Bọ̀dá kúnlẹ̀ sábẹ́ igi, ó ń wò ó ní ewé kọ̀ọ̀kan látàárọ̀ di ìrọ̀lẹ́. Kò rí òdòdó agogo kankan. Ó ní tí kò bá sí nínú ọgbà, a jẹ́ pé ẹnì kan ló lọ wá a níta. Màmá àti ìyá rẹ sì ti jà ní ọ̀sẹ̀ tó ṣáájú, lórí pé Màmá gé irun rẹ láìsọ fún un. Ẹ rí bí mo ṣe fi ọwọ́ ara mi sọ àṣìṣe di ìpànìyàn.

Ìyá rẹ ní, "Èmi àti Eyínafẹ́ la jọ já a. Ẹ bi wọ́n."

Bọ̀dá kọjú sí mi. Ó ní, "Ṣé o wà níbẹ̀?"

Mo ní, "Rárá, bọ̀dá. Oníbàárà ni mo ń dá lóhùn."

Ìyá rẹ ò pariwo. Ó wò mí, ó ní, "Eyínafẹ́, ẹ wo ojú mi." Mo wo ilẹ̀. Àwọn ọlọ́pàá mú un, wọ́n tú u sílẹ̀ torí ẹ̀rí ò tó, ṣùgbọ́n bọ̀dá ò jẹ́ kó tún wọ ilé yìí. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà láàárọ̀ ọjọ́ mẹ́ta, ó ń bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n jẹ́ kí òun rí ọ. Èmi ni mo ti ilẹ̀kùn. Èmi náà ni mo tọ́ ọ, tí o fi ń pè mí ní mọ́mì, tí mo fi ń dáhùn. Nígbà tí bọ̀dá fẹ́ kú, ó bi mí pé, "Àbí mo ṣe obìnrin yẹn láìdáa?" Mo ní kó sinmi. Ó kú pẹ̀lú ìbéèrè náà.

Mo ti ń wú òdòdó yẹn lọ́dọọdún láti ìgbà náà. Gbòǹgbò rẹ̀ tó kéré bí òwú abẹ́rẹ́ ló máa ń ṣẹ́kù tí á tún fi hù. Ọdún yìí nìkan ni ara mi ò gbé e, ó sì ti kún ibẹ̀ kó o tó mọ̀. Agbára mi ti tán, ọmọ mi. Màmá ò lè jí, bọ̀dá ò lè gbọ́, mi ò lè dá ọdún kan padà fún ọ.

Má tíì sọ̀rọ̀ ná. Má já ewé kankan lábẹ́ igi yẹn mọ́. Tí o bá fẹ́ ewé aáyù, wá ilẹ̀ tuntun, kí o sì máa fọ ọwọ́ bí ìyá rẹ ṣe ń fọ̀ ọ́, kódà bí wọ́n bá ń fi ọ́ ṣe yẹ̀yẹ́. Nínú dúrọ́ọ̀ maṣíìnì mi, lábẹ́ àwọn òwú, lẹ́tà mẹ́sàn-án wà níbẹ̀ tí ìyá rẹ kọ sí ọ. Ọdún tó kọjá ni ìkẹyìn dé, àdírẹ́sì wà lẹ́yìn rẹ̀. Mi ò ní kí o dárí jì mí lónìí. Mo bẹ̀ ọ́, lọ bá a kí òun náà tó lọ. Má bá mi kí i. Nọ́ọ̀sì á bá ọ jẹ́rìí sí ohun tí mo sọ. Sọ fún un pé mo wà níbẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ náà, mo sì rí i. Ìgbà mẹ́rin ló fọ ọwọ́ rẹ̀. Mo kà á, torí mo fẹ́ fi ṣe yẹ̀yẹ́. Èmi ni mi ò fọ tèmi.