Ojú Tó Wà Lára Èèpo Ìwé

Inú takisí tó ń ti Mayfair lọ sí Sábó ni mo ti gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí, lẹ́nu bàbá agbẹ́gilére kan àti ọmọbìnrin kan tó ń fọwọ́ ṣe ìwé, tí àwa mẹ́ta jọ jókòó sẹ́yìn ọkọ̀.

"Èèpo ìwé tí mo fi pákó gbẹ́ fún ọ dà? Mi ò tíì fi ojú sí ère ara rẹ̀."

"Ẹ má bínú, Bàbá. Àfihàn ti kù sí dẹ̀dẹ̀, mo bá fúnra mi gbẹ́ ojú rẹ̀."

"Ìwọ nìkan, nínú yàrá?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà."

"O ò bá bi mí! Ẹnu ọ̀nà la máa ń kọjú rẹ̀ sí tí a bá ń gbẹ́ ojú, àwa á dúró sí ẹ̀gbẹ́. Ẹni tí ojú náà bá kọ́kọ́ rí, òun ni yóò máa wò."

"Ó ti ń wò mí, sà. Màá dà á dojú bolẹ̀ sórí tábìlì kí n tó sùn. Tí n bá fi máa jí, á ti kọjú sí bẹ́ẹ̀dì."

"Ibo ló wà báyìí?"

"Inú báàgì yìí ni. Mo faṣọ wé e, mo sì fa síìpù pa. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi pa ojú náà rẹ́."

Bàbá mí kanlẹ̀. "A lè pa ojú rẹ́, ọmọ mi. Ohun tó ti rí ńkọ́?"

Gbólóhùn yẹn ni mò ń rò lọ́wọ́ tí mo fi wo báàgì náà, tó wà láàárín èmi àti ọmọbìnrin yẹn. Síìpù rẹ̀ ti ṣí díẹ̀, ní ìhà ọ̀dọ̀ ọmọbìnrin náà.

Èmi kì í dá sí ọ̀rọ̀ ọlọ́rọ̀. Mi ò sọ fún un.